Igbó Tí Iná Kò Lè Jó Run

Bí ọyẹ́ bá ti ń fẹ́ ní Adja-Ouèrè, ní gúúsù Bẹ̀nẹ̀, ìgbà ìkùngbẹ́ dé nìyẹn. Láti àárín Oṣù Kọkànlá títí wọ Oṣù Kẹta, òjò á wọ́n, koríko á gbẹ, ewé á máa rẹ̀ dànù. Tó bá di ọ̀sán, èéfín á yọ lọ́nà Massè, òmíràn á yọ lápá Kpoulou, kó tó di ìrọ̀lẹ́ màjàlà á ti bà sórí aṣọ tí wọ́n sá sí ẹ̀yìnkùlé. Àwọn àgbà ló ní bí a bá ń sungbó lóko, màjàlà ni yóò ṣòfófó nílé. Ní Adja-Ouèrè, ní Ikpinlè, ní Tatonnoukon àti Oko-Akarè, òfófó náà kì í pẹ́ dé.

Nínú ìlú kan náà, iná inú igbó mìíràn wà tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ tí kò ní èéfín. Pásítọ̀ àti wòlíì ń wàásù nípa igbó tó ń jó níwájú Mósè tí kò run. Àwọn ààfáà ń sọ ìtàn Ànábì Mùsá tó rí iná lókèèrè. Àwọn àwòrò ń ṣọ́ igbó òrìṣà tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ dáná sí. Ìwé tí ayé ti kọ lórí ọ̀ràn yìí pọ̀ jọjọ: àwọn kan jẹ́ ti ìgbàgbọ́, àwọn kan jẹ́ ti ìmọ̀ nípa ilẹ̀ àti ohun tó ń hù lórí rẹ̀. Ẹni tó ń ka ti àkọ́kọ́ kì í sábà ka èkejì. Èmi gbà pé ní ilẹ̀ tí iná ti ń jó lọ́dọọdún bíi tiwa, ó yẹ ká kà wọ́n pọ̀, nítorí ohun kan náà ni wọ́n ń fi yé wa: igbó tó bá la iná já, ẹnìkan ló dúró tì í.

Mósè yà kúrò lójú ọ̀nà

Orí kẹta Ìwé Ẹ́kísódù ni ìtàn náà wà. Mósè ti sá kúrò ní Íjíbítì, ó ń da agbo ẹran Jẹ́tírò àna rẹ̀, ó sì dà wọ́n dé Hórébù, òkè Ọlọ́run. Ibẹ̀ ló ti rí igbó tí iná ń jó láàárín rẹ̀, tí ẹ̀ka rẹ̀ kò di eérú. Ohun tó ṣe lẹ́yìn náà ni mo fẹ́ kí ẹ fiyè sí. Darandaran ni, ó mọ ohun tí iná pápá lè ṣe. Ẹni tó ń da ẹran tó bá rí iná, kó kó ẹran rẹ̀ sá lọ ló yẹ kó ṣe. Mósè kò sá. Ó yà kúrò lójú ọ̀nà kó lè mọ ìdí tí igbó náà kò fi jó tán. Ìwé náà sọ ọ́ kedere: ìgbà tí Ọlọ́run rí i pé ó yà wá wò ó ni Ó tó pè é lórúkọ, ẹ̀yìn ìpè ni àṣẹ bàtà bíbọ́ tó wá. Wíwò ló ṣáájú.

Kùránì Mímọ́ sọ ìtàn yìí ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Ó wà nínú Súrà Tọ́ọ̀-Háà, ó wà nínú Súrà An-Naml, ó sì tún wà nínú Súrà Al-Qasas. Mùsá àti ará ilé rẹ̀ wà lọ́nà àjò nígbà tó tajú kán rí iná. Ó ní kí wọ́n dúró de òun, bóyá òun á rí ògúnná mú bọ̀, tàbí kí òun rí ẹni tó máa júwe ọ̀nà. Ohun tí èrò ọ̀nà ń wá lóru ló bá lọ, ohun tó bá níbẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní Àfonífojì Tuwa, wọ́n ní kó bọ́ bàtà ẹsẹ̀ rẹ̀; Súrà Al-Qasas sì fi hàn pé láti ara igi ni ìpè náà ti wá. Nínú Bíbélì àti nínú Kùránì, ọkùnrin náà kò fi iná sílẹ̀ lókèèrè. Ó sún mọ́ ọn.

Ní ọ̀rúndún kẹrin, Gregory ti Nyssa, bíṣọ́ọ̀bù kan ní ilẹ̀ tí a ń pè ní Túúkì lónìí, kọ odindi ìwé lórí ìgbésí ayé Mósè. Ó fi igbó tí kò jó náà ṣe àpẹẹrẹ Màríà, tó bímọ tí ipò wúńdíá rẹ̀ kò bàjẹ́. Ní ọ̀rúndún kan náà, obìnrin kan tó ń jẹ́ Egeria rìnrìn àjò dé Sinai, ó sì kọ̀wé sí àwọn obìnrin ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nílé pé òun rí igbó náà, pé ó ṣì ń rúwé nínú ọgbà kan níwájú ṣọ́ọ̀ṣì. Ìwé rẹ̀ sọnù fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún kí wọ́n tó rí ẹ̀dà rẹ̀ ní Arezzo, ní Ítálì, ní 1884. Ọdún 1884 yẹn náà ni odindi Bíbélì parí sí èdè Yorùbá, iṣẹ́ tí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Àjàyí Crowther àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe, tí ọmọ Yorùbá fi lè fi ojú ara rẹ̀ ka ìtàn Mósè lédè ìyá rẹ̀. Ní Sinai, Justinian ọba Róòmù ti kọ́ ilé ńlá kan fún àwọn mọ́ńkì láti ọ̀rúndún kẹfà, èyí tí a mọ̀ sí ti Kátírínì Mímọ́. Igi ẹlẹ́gùn-ún kan wà nínú ọgbà ilé náà títí di òní, tí wọ́n ní òun ni igbó Mósè. Àwọn mọ́ńkì ló ń tọ́jú rẹ̀.

Àwọn onímọ̀ ewéko náà dá sí i. Ewéko kan wà ní gúúsù Yúróòpù àti ní Éṣíà tí wọ́n ń pè ní Dictamnus albus. Òróró wà lára òdòdó àti èso rẹ̀ tó máa ń di oru. Lọ́jọ́ tí oòrùn bá mú tí afẹ́fẹ́ kò fẹ́, bí ènìyàn bá ṣáná sí i, iná lè bù yẹ̀rì lára rẹ̀ kó sì kú, kí ewé rẹ̀ má sì jóná. Àwọn òǹkọ̀wé kan ní ohun tí Mósè rí nìyẹn. Ṣùgbọ́n ewéko yìí kì í ṣe ọmọ aṣálẹ̀ Sinai, iná rẹ̀ kò sì pẹ́ tó ohun tí ènìyàn á tìtorí rẹ̀ yà lójú ọ̀nà: kó tó débẹ̀, ó ti kú. Mi ò rò pé ó yẹ ká bá àwọn onímọ̀ yìí jà. Àwọn náà yà wá wò ó. Ohun tí wọ́n rí kò pa ìgbàgbọ́ lára, ó kàn fi hàn pé ìbéèrè Mósè ṣì ń jẹ ènìyàn lọ́kàn: kí ló dé tí igbó yìí kò jó?

Káfíńtà tó wọ igbó Ouémé

Kò dìgbà tí a bá dé Sinai. Ní 1947, káfíńtà kan ní Porto-Novo, ìlú tí Yorùbá ń pè ní Àjàṣẹ́, wọ ọkọ̀ ojú omi lọ wá igi pákó nínú igbó ẹkùn Ouémé. Samuel Biléhou Joseph Oschoffa ni orúkọ rẹ̀, ọmọ ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ni. Ní 20 Oṣù Karùn-ún ọdún yẹn, òṣùpá dí ojú oòrùn, ọ̀sán di òru ní apá ibi púpọ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà. Ìtàn ìjọ tó dá sílẹ̀ sọ pé inú igbó ló wà lọ́jọ́ náà, pé ó gbàdúrà, ó gbọ́ ohùn, ó sì tó nǹkan bí oṣù mẹ́ta kó tó tinú igbó padà wálé. Ní 29 Oṣù Kẹsàn-án 1947 ni wọ́n dá Ìjọ Mímọ́ ti Kristi láti Ọ̀run Wá sílẹ̀. Lónìí, ìjọ náà ti kárí Bẹ̀nẹ̀ àti Nàìjíríà, ó sì ti dé Yúróòpù àti Amẹ́ríkà.

Àwọn ọmọ ìjọ yìí kì í wọ bàtà bí wọ́n bá ti wọ sùtánà funfun. Ọ̀rọ̀ tí Ọlọ́run bá Mósè sọ nídìí igbó tó ń jó ni wọ́n gbé e kà. Nítorí náà, ní ọjọ́ Ìsinmi, lójú ọ̀nà erùpẹ̀ pupa ní gúúsù Bẹ̀nẹ̀, ẹ óò rí tọmọdé-tàgbà tó ń fi ẹsẹ̀ lásán lọ sílé ìsìn, orí kẹta Ẹ́kísódù ni wọ́n ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀. Mùsùlùmí náà a bọ́ bàtà kó tó wọ mọ́ṣáláṣí. Ẹni tó fẹ́ wọ igbó òrìṣà, àwòrò á ní kó bọ́ ti ẹsẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Ẹ̀sìn mẹ́ta yìí kò fẹnu kò lórí ohun púpọ̀, ṣùgbọ́n wọ́n jọ gbà pé ilẹ̀ wà tí ènìyàn kì í tẹ̀ bó ṣe wù ú.

Bí iná ṣe ń rìn

Ẹ jẹ́ ká wá dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá kan tó ń jó. Ẹ̀kan àti eèsún ló kún inú rẹ̀, wọ́n ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀. Ẹni tó dáná sí i lè jẹ́ àgbẹ̀ tó fẹ́ ṣí oko tuntun, ó lè jẹ́ ọdẹ tó ń wá ọ̀yà, ó lè jẹ́ Fúlàní tó fẹ́ kí koríko tútù hù fún màlúù, ó sì lè jẹ́ ẹni tó lọ fín oyin tó gbàgbé ìtùfù sílẹ̀. Iná tó bá bá atẹ́gùn lọ a ga, a yára, ahọ́n rẹ̀ a máa lá orí igi kéékèèké. Èyí tó ń kọjú sí atẹ́gùn kò ga, ìdí koríko ló ń jẹ, ẹ̀sọ̀ ló fi ń lọ, ooru rẹ̀ sì ń pẹ́ lórí ilẹ̀. Eèsún á máa ta pàrà-pàrà. Àwòdì á ti dé, wọ́n á máa rà bàbà lókè èéfín nítorí tata àti alángbá tó ń sá jáde. Àwọn ọmọkùnrin á ti dúró pẹ̀lú kùmọ̀ àti ajá lápá ibi tí wọ́n mọ̀ pé ọ̀yà á gbà. Àdàbà ni kò bìkítà: àdàbà kò náání à ń kùngbẹ́, iná ń jó, ẹyẹ ń lọ.

Bí iná bá kú tán, ẹ fọwọ́ kan ilẹ̀. Òkè rẹ̀ gbóná, ó dúdú. Ẹ fi ọkọ́ wà á níwọ̀n ìka mélòó kan, ẹ óò rí i pé abẹ́ rẹ̀ tutù. Ìdí nìyẹn tí ẹ̀kan fi ń padà hù kíákíá, torí pé inú ilẹ̀ ni gbòǹgbò rẹ̀ sá sí. Ọ̀pẹ náà dúdú láti ìdí dé ọrùn, àmọ́ ọkàn rẹ̀, níbi tí imọ̀ tuntun ti ń yọ, wà láàárín ìpìlẹ̀ imọ̀ àtijọ́ tó bò ó mọ́lẹ̀. Kò pẹ́ tí ẹ óò fi rí màrìwò tuntun tó yọ láàárín imọ̀ tó jóná. Irúgbá àti àwọn igi ọ̀dàn mìíràn ní èèpo tó nípọn. Òrúrù, tí òdòdó rẹ̀ pupa fòò lórí igi, ní igi tí kì í tètè gbiná. Ẹni tí iná ń pa ni ọ̀dọ́: ọmọ ìrókò tó ṣẹ̀ṣẹ̀ yọrí, ọmọ àràbà tí èèpo rẹ̀ kò tíì le. Bí iná bá ń bọ̀ lọ́dọọdún, àwọn àgbà igi á dúró, àrọ́mọ wọn kò ní sí. Ẹni tó ń wo igbó náà lókèèrè á rò pé ó wà, bẹ́ẹ̀ ló ti ń kú lọ láti abẹ́.

Eérú náà ní iṣẹ́ tirẹ̀. Ó ń dá pọ́táàṣì àti kálíṣíọ́mù padà sílẹ̀, ìyẹn ni àgbàdo fi ń dára lọ́dún àkọ́kọ́ lórí oko tí a sun. Nitrogen ni kì í dúró. Òun ń bá èéfín lọ. Àgbẹ̀ tó sun oko lẹ́ẹ̀kan tó sì fi ilẹ̀ sínmi yàtọ̀ sí ẹni tó ń sun ún lọ́dọọdún.

Ilẹ̀ Adja-Ouèrè kì í sì í ṣe oríṣi kan. Apá kan jẹ́ ilẹ̀ pupa òkè, ibi tí ọ̀pẹ àti àgbàdo ti ń ṣe dáadáa. Apá kejì jẹ́ amọ̀ dúdú ti ilẹ̀ Ọ̀họ̀rí, tí ìwé Faransé ń pè ní Lama. Lásìkò òjò, amọ̀ yìí a di ẹrẹ̀ tí ọkọ̀ kì í lè gbà. Lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn, a la pẹ̀rẹ̀-pẹ̀rẹ̀ débi tí ẹsẹ̀ lè kó sí i. Nígbà tí àwọn Ọ̀họ̀rí bá Faransé jà ní 1914 àti 1915, ẹrẹ̀ yẹn wà lára odi wọn. Ọ̀jọ̀gbọ́n A. I. Aṣíwájú, ẹni tó kọ ìwé lórí ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Yorùbá lábẹ́ ìjọba òyìnbó, ṣàlàyé ìtàn náà. Ìwé rẹ̀ jáde ní 1976.

Àwọn tó dúró wo iná

Samuel Johnson, àlùfáà ìjọ Áńgílíkà ní Ọ̀yọ́, parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897. Ó kú ní 1901, ìwé náà kò sì jáde títí di 1921. Ó ṣàpèjúwe ọdún Bẹrẹ ní Ọ̀yọ́, tí í ṣe ọdún koríko tí wọ́n fi ń bo ààfin, tó sì so mọ́ pápá sísun ní òpin ọdún oko. Ohun tó yé mi níbẹ̀ ni pé iná pápá ní ọjọ́, ó ní aláṣẹ, ó ní ètùtù. Ẹnikẹ́ni kò kàn ń ṣáná sí pápá bó ṣe wù ú. Wọ́n gbọ́dọ̀ gé koríko tó wúlò kúrò kí wọ́n tó sun èyí tó kù.

Àwọn onímọ̀ igbó ti ìjọba òyìnbó kò fi ojú kan náà wò ó. André Aubréville, ará Faransé, tẹ ìwé jáde ní 1937 lórí igbó Dahomey, tí í ṣe Bẹ̀nẹ̀ òní, àti ti Tógò. Ó gbà pé ọ̀pọ̀ ọ̀dàn tí a ń rí ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà jẹ́ igbó nígbà kan rí, pé àáké àgbẹ̀ àti iná ló sọ ọ́ di pápá. Ìdí tí ọ̀ràn yìí fi kan Adja-Ouèrè ni pé ẹkùn wa wà nínú àyè ńlá kan tó gé igbó kìjikìji Áfíríkà sí méjì, láti Gánà wọ Tógò àti Bẹ̀nẹ̀ títí dé ẹnu ààlà Nàìjíríà. Àwọn onímọ̀ ń pè é ní Àlàfo Dahomey. Igbó wà lápá ọ̀tún rẹ̀, igbó wà lápá òsì. Ní àárín, ọ̀dàn fẹ́rẹ̀ẹ́ dé etí òkun. Ta ló gé e?

Ìdáhùn kan wà nísàlẹ̀ omi. Ní àfonífojì Ouémé, adágún kan wà tó ń jẹ́ Sélé. Ulrich Salzmann àti Philipp Hoelzmann gbẹ́ ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ rẹ̀ jáde ní ìpele-ìpele, wọ́n sì wo lẹ́búlẹ́bú òdòdó tó ti wà nínú rẹ̀ láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún. Wọ́n tẹ ohun tí wọ́n rí jáde ní 2005: igbó kìjikìji wà níhìn-ín nígbà kan, ó sì já ní nǹkan bí 4500 ọdún sẹ́yìn nígbà tí òjò dín kù. Ojú ọjọ́ ló kọ́kọ́ ṣí àlàfo náà. Ẹ̀bi tí wọ́n dì ru àwọn baba wa pọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ.

Ṣùgbọ́n iná náà ní ipa, ilẹ̀ Yorùbá sì wà lára ibi tí wọ́n ti fi í hàn. Ní Olókèméjì, láàárín Ìbàdàn àti Abẹ́òkúta, igbó ìjọba kan wà tí wọ́n yà sọ́tọ̀ ní 1899. Ní 1929, wọ́n pín apá kan nínú rẹ̀ sí mẹ́ta. Wọ́n ń sun àkọ́kọ́ lọ́dọọdún ní ìparí ẹ̀ẹ̀rùn, nígbà tí koríko ti gbẹ pátápátá. Wọ́n ń sun èkejì ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn, nígbà tí omi ṣì kù lára koríko. Wọn kò jẹ́ kí iná dé ẹ̀kẹta rárá. Lẹ́yìn ọdún 28, J. R. Charter àti R. W. J. Keay padà lọ wò ó, wọ́n sì kọ ọ́ sílẹ̀ ní 1960. Ibi tí wọ́n ń sun lẹ́yìn ṣì jẹ́ pápá tí igi rẹ̀ fọ́nká. Ibi tí wọ́n ń sun ṣáájú ní igi jù ú lọ. Ibi tí iná kò dé ti ń di igbó, àwọn igi inú igbó kìjikìji ti ń hù nínú rẹ̀. Ilẹ̀ kan náà, òjò kan náà. Ìgbà tí wọ́n dáná ló yà wọ́n sọ́tọ̀.

Ìwé kan tún wà tí mo fẹ́ kí olùkọ́ ilé ẹ̀kọ́ gbogbo mọ̀. Ní 1996, James Fairhead àti Melissa Leach kọ̀wé lórí Kissidougou ní orílẹ̀-èdè Guinea. Ìjọba ti ń sọ tipẹ́tipẹ́ pé igbó tó yí àwọn abúlé ibẹ̀ ká jẹ́ àjẹkù igbó ńlá tí àwọn ará oko ti run. Àwọn méjì yìí lọ bi àwọn àgbà léèrè, wọ́n sì fi àwòrán tí bàálù yà ní ọdún 1952 wé ti ìgbà ìwádìí wọn. Àwọn àgbà ní baba àwọn ló mú igbó náà hù: wọ́n dá abúlé sílẹ̀ ní pápá, wọ́n ń sun koríko àyíká rẹ̀ ní kùtùkùtù ẹ̀ẹ̀rùn kí iná ńlá má baà wọlé, màlúù ń jẹ èyí tó kù, igi sì ń hù lábẹ́ ààbò yẹn. Àwòrán náà jẹ́rìí gbè wọ́n. Iná tí wọ́n ń dá lásìkò ni kò jẹ́ kí iná àìlásìkò rí igbó wọn jó.

Igbó tiwa tí kò jó

Ẹni tó bá ti ka ìwé wọ̀nyí, tó wá jáde sí ìgbèríko Adja-Ouèrè lẹ́yìn ìkùngbẹ́, á rí ohun kan. Pápá á dúdú lọ rẹrẹ, oko á gbẹ, ní àárín rẹ̀ ni igbó kékeré kan á dúró, tó tutù, tó ṣú. Iná dé ẹnu rẹ̀, ó pa koríko etí rẹ̀, ó sì kú síbẹ̀. Igbó òrìṣà ni, tàbí igbó Orò, tàbí ibi tí wọ́n sin àwọn àgbà sí.

Bí ẹ bá bi ará abúlé, á ní òrìṣà kò gbà kí iná wọlé. Bí ẹ bá bi onímọ̀ igbó, á ní òjìji igi kò jẹ́ kí koríko hù lábẹ́ rẹ̀, ewé tó wà nílẹ̀ tutù, nítorí náà iná kò rí ohun jẹ. Òtítọ́ ni àwọn méjèèjì ń sọ. Òjìji ni kò jẹ́ kí iná wọlé. Ṣùgbọ́n bí kì í bá ṣe èèwọ̀, àáké ì bá ti gé igi tó ń mú òjìji wá tipẹ́. Ìgbàgbọ́ ló dá igi náà sí, igi náà ló wá pa iná. Fún èmi, igbó Mósè tó wà lọ́dọ̀ wa nìyí, ó sì ń la iná já lọ́dọọdún lójú wa.

Ní 1998, àwọn olùwádìí méjì, Agbo àti Sokpon, ka irú igbó yìí jákèjádò Bẹ̀nẹ̀. Wọ́n rí 2940, ilẹ̀ gbogbo wọn lápapọ̀ jẹ́ 18360 hẹ́kítà. Bí a bá pín in, ọ̀kọ̀ọ̀kan kò tó hẹ́kítà méje. Ohun kékeré báyìí ni àwọn igi àti ọ̀bọ ẹkùn wa ń sá sí, ibẹ̀ náà ni ewé tí àwọn oníṣègùn ń wá ti ń hù. Ní 2012, ìjọba fọwọ́ sí ìlànà pé kí a máa tọ́jú wọn lábẹ́ òfin. Ṣáájú ìyẹn, òfin igbó nọ́ńbà 93-009 ti 2 Oṣù Keje 1993 ti ka iná igbó tí kò láṣẹ léèwọ̀, ó sì fi àyè sílẹ̀ fún iná ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn tí a dá lábẹ́ àbójútó. Ohun tí wọ́n rí ní Olókèméjì àti ohun tí àwọn àgbà Kissidougou sọ, ó ti di òfin lọ́dọ̀ wa.

Ṣùgbọ́n òfin nìkan kò tó. Àwọn ọmọ tó ń kúrò nínú ẹ̀sìn ìbílẹ̀ kò bẹ̀rù èèwọ̀ mọ́, àwọn kan tilẹ̀ rò pé ẹni tó gé igbó òrìṣà ń ṣiṣẹ́ Ọlọ́run. Mo fẹ́ sọ ọ́ fún wọn láìfi bò: Ọlọ́run tó bá Mósè sọ̀rọ̀ láti inú igbó kò ní kó gé igbó náà. Ó ní kó bọ́ bàtà rẹ̀. Onígbàgbọ́ tàbí Mùsùlùmí tó bá dáàbò bo igbó tí baba rẹ̀ fi sílẹ̀ kò padà sídìí òrìṣà nítorí ìyẹn. Ó ń ṣọ́ orísun omi abúlé rẹ̀, ó ń ṣọ́ òjìji rẹ̀, ó ń ṣọ́ iṣẹ́ ọwọ́ Ẹlẹ́dàá. Bí àwòrò, ààfáà àti pásítọ̀ bá lè gbà pé a kì í fi bàtà tẹ ilẹ̀ mímọ́, wọ́n lè gbà pé a kì í fi iná wọ̀ ọ́.

Ìwé tó yẹ ká kọ

Mo ti dárúkọ ìwé púpọ̀. Ẹ wo èdè tí wọ́n fi kọ wọ́n. Ti Aubréville wà ní Faransé. Ti Johnson, ti Aṣíwájú, ti Olókèméjì, ti Sélé àti ti Kissidougou wà ní Gẹ̀ẹ́sì. Ìwé ńlá tí Akoègninou àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kọ lórí ewéko Bẹ̀nẹ̀ ní 2006, tí ewéko inú rẹ̀ ju 2800 irú lọ, Faransé ni. Pierre Fátúnbí Verger, tó di babaláwo ní Kétu ní 1953, kó oògùn àti orúkọ ewé jọ lẹ́nu àwọn babaláwo ilẹ̀ Yorùbá. Bùràsíìlì ni ìwé rẹ̀ lórí ewé ti jáde ní 1995. Púpọ̀ nínú ìmọ̀ yìí jáde láti ilẹ̀ wa, lọ́wọ́ àwọn èèyàn wa. Ọmọ tó ń kọ́ ìwé ní Ikpinlè kò lè rí púpọ̀ nínú rẹ̀ kà ní èdè tí ìyá rẹ̀ ń sọ.

Ìwé tó yẹ ká kọ kò nílò kó tóbi. Kó sọ irú koríko tó wà ní ilẹ̀ pupa àti èyí tó wà lórí amọ̀ dúdú, àti ìgbà tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń gbẹ. Kó sọ ọ̀sẹ̀ tí àwọn àgbà máa ń dáná kùtùkùtù, bí wọ́n ṣe ń ro etí oko kí iná má fò ó, ibi tí wọ́n máa ń dúró sí bí atẹ́gùn bá yí. Kó dárúkọ igi tó ń la iná já àti èyí tí iná ń pa lọ́mọdé. Kó sọ ìtàn igbó òrìṣà kọ̀ọ̀kan, ẹni tó dá a sílẹ̀, èèwọ̀ rẹ̀ àti ohun tó ń gbé inú rẹ̀, níwọ̀n tí àwọn tó ni ín bá fọwọ́ sí. Kó kọ ọ́ bí a ṣe ń sọ ọ́ ní Adja-Ouèrè àti ní Ọ̀họ̀rí, kí Yorùbá Ìbàdàn àti Èkó wá kọ́ ọ̀rọ̀ tuntun lọ́dọ̀ wa. Kí wọ́n máa kà á nílé ìwé, kí pásítọ̀ mú un lọ́wọ́ lọ́jọ́ tó bá ń wàásù Ẹ́kísódù, kí ààfáà mú un lọ́wọ́ lọ́jọ́ tó bá ń túmọ̀ Súrà Tọ́ọ̀-Háà.

Àwọn tó mọ ohun tó yẹ kó wà nínú ìwé yẹn ṣì wà láàyè. Wọ́n jẹ́ àgbẹ̀, wọ́n jẹ́ ọdẹ, wọ́n jẹ́ àwòrò, wọ́n jẹ́ ìyá tó ti ṣẹ́gi nínú igbó kan náà láti kékeré. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ti darúgbó, ìmọ̀ wọn kò sì sí lórí bébà kankan. Olùkọ́ tó ní ìwé àjákọ àti bírò lè bẹ̀rẹ̀ ní ẹ̀ẹ̀rùn tó ń bọ̀. Kó yan abúlé kan àti pápá kan, kó béèrè ẹni tó dáná sí i, ìgbà tó dá a, ìdí tó fi dá a, ohun tó jó àti ohun tó kù. Kó kọ èsì rẹ̀ sílẹ̀ bí wọ́n ṣe sọ ọ́ gan-an, kó sì padà síbẹ̀ lọ́dún kejì láti bèèrè lẹ́ẹ̀kan sí i.